Níta ibo? Àlàyé lórí ọnà Òṣogbo, ọmọ Onitsha kan ní Ifẹ̀, àti ìlú tó ń tutù lẹ́yìn ogun

Àbúrò mi kan tó wà ní yunifásítì fi ohùn ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp lálẹ́ ọjọ́ Sátidé kan. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú alẹ́ o. Wọ́n fún wa níṣẹ́ ṣe. Wọ́n ní ká kọ nípa 'outsider artist' kan tó ya orílẹ̀-èdè tó ń bọ́ lọ́wọ́ ogun abẹ́lé. Ẹ̀yin lẹ ń gbé Òṣogbo. Ṣé kì í ṣe Àdùnní Olórìṣà ni wọ́n ń sọ?"

Mo ní òun kọ́.

"Ṣebí òyìnbó ni wọ́n?"

Mo rẹ́rìn-ín, àmọ́ mi ò bá a wí. Ọ̀rọ̀ tó kó sí i lórí yìí ti kó sí àgbà lórí rí. Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó ń mú àlejò kiri igbó Ọ̀ṣun, mo ti rí i lára ìwé pélébé tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ àwòrán. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni, ìtumọ̀ méjì tí kò bára tan ló gbé sínú, ẹni tó bá sì lo ọ̀kan, èkejì ni olùgbọ́ máa gbọ́.

Bí ènìyàn bá ní òun wà níta, ohun tí ọmọ Yorùbá máa kọ́kọ́ béèrè ni pé níta ibo? Níta ilé ni, àbí níta ìlú? Gẹ̀ẹ́sì kì í béèrè. Ó kàn máa pè ọ́ ní outsider, ẹni ìta, á sì bá tirẹ̀ lọ.

Ọkùnrin ará Gẹ̀ẹ́sì kan, Roger Cardinal, ló sọ orúkọ yìí di gbajúmọ̀ nígbà tó fi í ṣe àkọlé ìwé rẹ̀ lọ́dún 1972. Kì í ṣe òun ló kọ́kọ́ ronú nípa ohun tó ń sọ. Láti 1945 ni ayàwòrán Faransé kan, Jean Dubuffet, ti ń kó irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ jọ, "art brut" ló sì ń pè é. Kò sì le láti túmọ̀ brut yẹn fún wa rárá. Ẹ lọ sí Ọjà Ọba, kí ẹ béèrè ẹja. Ẹ ó rí gbígbẹ, ẹ ó rí tútù. Ẹja tútù ni brut: èyí tí iná kò rà, tí èéfín kò tíì pa láwọ̀ dà. Ohun tí Dubuffet ń wá nìyẹn nínú ọnà. Iṣẹ́ ọwọ́ ẹni tí kò jókòó sí kíláàsì ayàwòrán rí ló ń wá: àwọn tó wà ní ilé ìwòsàn àwọn alárùn ọpọlọ, àwọn ẹlẹ́wọ̀n, àwọn àgbàlagbà tó ń dá gbé, tó kàn ń ya ohun tó wà lọ́kàn wọn láìwojú ẹnikẹ́ni.

Nítorí náà, "níta" ti Cardinal, níta ilé-ẹ̀kọ́ ọnà ni. Kò bá ìlú tí a ti bí ọ tan, kò bá àwọ̀ ara tan. Ọmọ tí wọ́n ri ìwọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀ ní Òkè-Baálẹ̀ lè jẹ́ outsider artist. Òyìnbó tó sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ òfurufú láàárọ̀ yìí lè má jẹ́ bẹ́ẹ̀.

Ẹ wá fi Àdùnní wọ̀n ọ́n. Susanne Wenger ni orúkọ àbísọ rẹ̀, ìlú Graz ní Austria ni wọ́n ti bí i lọ́dún 1915. Ó kọ́ iṣẹ́ ọnà ní Graz, ó kọ́ ọ ní Vienna. Lọ́dún 1947, nígbà tí Vienna ṣì ń kó àwókù ogun àgbáyé kúrò nílẹ̀, ó wà lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ Art Club sílẹ̀ níbẹ̀. Ọdún 1950 lòun àti Ulli Beier, ọkọ rẹ̀ nígbà náà, dé Nàìjíríà. Àìsàn ikọ́ ẹ̀gbẹ mú un, nínú ìkọlù yẹn ló sì ti di ọmọ Ajagẹmọ, olórí àwọn olórìṣà Ọbàtálá ní Ẹdẹ. Òṣogbo ló ti kọ́ àwọn ère gàgàrà inú igbó Ọ̀ṣun pẹ̀lú àwọn ọmọ onílùú, Òṣogbo ló sì wà títí ọlọ́jọ́ fi dé ní ọjọ́ 12 oṣù Kìíní 2009. Ẹni tó ti inú ilé-ẹ̀kọ́ ọnà wá nìyẹn. Àjèjì ni, mo gbà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹni tó bá lo àádọ́ta ọdún nídìí òrìṣà yín, ẹ ó wá ọ̀rọ̀ mìíràn fún un. Ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ ti Cardinal, inú ló wà, kò sí níta.

"Ta wá ló wà níta?" ni àbúrò mi béèrè. Ó ti ń kọ ọ́ sílẹ̀, mo ń gbọ́ bó ṣe ń tẹ kọ̀ǹpútà.

Àwọn ọmọ Òṣogbo fúnra wọn ni àwọn ìwé òyìnbó ń pè bẹ́ẹ̀! Lọ́dún 1962 ni Dúró Ládiípọ̀ sọ ilé ọtí rẹ̀ tó ń jẹ́ Popular Bar di ilé àṣà, tí wọ́n ń pè ní Mbari Mbayo. Wọ́n ṣe ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ọlọ́jọ́ díẹ̀ níbẹ̀. Denis Williams, ọmọ Guyana, ló darí ti 1962 àti 1963. Georgina Beier, ìyàwó tí Ulli Beier fẹ́ lẹ́yìn Àdùnní, ló darí ti 1964. Ẹni tó bá wù ú ló ń wọlé, wọ́n á fún un ní àwọ̀ àti pákó, wọn ò ní kí ó mú ìwé ẹ̀rí wá. Jacob Afọlábí àti Rúfọ́ọ̀sì Ògúndélé ti ń ṣeré nínú ẹgbẹ́ Ládiípọ̀. Jimoh Bùráímọ̀, iná ìtàgé ló ń bójú tó kó tó di ẹni tó ń fi ìlẹ̀kẹ̀ ya àwòrán. Muraina Oyelámi tó wá di Ẹ̀ẹ́sà Ìrágbìjí wà níbẹ̀. Twins Seven-Seven, ijó ló bá dé ìlú, ó ń bá ọlọ́jà oògùn kan jó kiri kí àwọn èrò lè dúró rajà, ó sì já wọ inú àríyá Mbari Mbayo lọ́dún 1964 láìsí ẹni tó pè é. Bí ẹ bá rí i bó ṣe wọṣọ ní gbogbo ayé rẹ̀, kò ní yà yín lẹ́nu.

Èmi ò gbà pé orúkọ yẹn bá wọn mu délẹ̀ o. Ẹ wo Àṣírù Ọlátúndé tó ń fi ìtàn sára páànù: alágbẹ̀dẹ ni láti ilẹ̀. Ẹ wo Adébísí Àkànjí tó bá Àdùnní mọ ògiri àti ère sìmẹ́ǹtì: birikilà ni. Ẹni tó ti jókòó sídìí ọ̀gá, tó ti gbálẹ̀ ṣọ́ọ̀bù, tó ti gbọ́ èébú tó sì ti ṣe fíríìdọ̀mù, ẹ má sọ fún mi pé kò lọ ilé-ẹ̀kọ́. Pátákó ni ilé-ẹ̀kọ́ tirẹ̀ ò ní. Iṣẹ́ wọn kì í ṣe ẹja tútù. Iná tó yan án ni Dubuffet kò mọ̀. Ṣùgbọ́n orúkọ ti lẹ̀, àwọn tó kàwé nípa ọnà ní Zaria àti níbòmíràn sì bá wọn jà lórí ẹ̀ nígbà náà, wọ́n ní ohun tí òyìnbó fẹ́ rà ni wọ́n ń yà. Ìjà yẹn pọ̀, mi ò ní í wọ̀ ọ́ lónìí.

Ohun kan wà nínú orúkọ Mbari Mbayo tí mo fẹ́ kí àbúrò mi mú dání kó tó dé orí ogun. Ọ̀rọ̀ Ìgbò ni Mbari. Lágbègbè Owerri, ilé tí wọ́n fi amọ̀ mọ fún Ala, òrìṣà ilẹ̀, ni mbari. Ère ló ń kún inú rẹ̀: èèyàn, ẹranko, ọlọ́pàá, òyìnbó orí kẹ̀kẹ́. Wọ́n lè fi oṣù mọ ọ́n, kí wọ́n fi ọdún mọ ọ́n. Bó bá ti parí, wọ́n á fi í sílẹ̀ kí òjò pa á, wọn kì í tún un ṣe. Ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé àti ayàwòrán ní Ìbàdàn ló kọ́kọ́ sọ ara wọn ní Mbari lọ́dún 1961. Nígbà tí orúkọ náà fi máa dé Òṣogbo lọ́dún tó tẹ̀ lé e, etí Yorùbá ti gbà á, ó sì ti tún un bí: m̀bá rí i, m̀bá yọ̀. Bí mo bá rí i, inú mi á dùn. Ọ̀rọ̀ Ìgbò wọ ìlú Òròkí, ó sì di ọmọ ilé, kò sí ẹni tó bi í léèrè ìwé ìgbélùú.

Ọdún márùn-ún lẹ́yìn ìyẹn ni ìbọn dún. Ọjọ́ 6 oṣù Keje 1967 ni ogun abẹ́lé bẹ̀rẹ̀. Nínú oṣù Kẹjọ, àwọn ọmọ ogun Biafra ti gba Bẹ́nìn kọjá, wọ́n dé Orè, ibẹ̀ la ti dá wọn dúró. Títí di òní, bí nǹkan bá le, a ṣì ń fi ìjà Orè júwe rẹ̀. Ulli Beier ti kúrò nílùú kí ìbọn tó dún. Àdùnní ò kúrò. Ère ló ń mọ. Ọjọ́ 15 oṣù Kìíní 1970 ni ogun parí. Gowon ní kò sí aṣẹ́gun, kò sí ẹni tí wọ́n ṣẹ́gun, ó sì gbé iṣẹ́ mẹ́ta kalẹ̀: kí a tún ìlú kọ́, kí a mú àwọn tí ogun fọ́ padà bọ̀ sípò, kí a sì parí ìjà.

Níbi tí àbúrò mi ti fẹ́ ṣi ẹsẹ̀ gbé lẹ́ẹ̀kejì nìyí. Ó ti wá Twins Seven-Seven lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó ti rí i pé UNESCO sọ ọ́ di "Artist for Peace" lọ́dún 2005, ọdún kan náà tí wọ́n kọ igbó Ọ̀ṣun-Òṣogbo sínú ìwé àjogúnbá àgbáyé. "Ẹ̀gbọ́n, mo ti rí i! Ẹni àlàáfíà ni. Òun ló ya ogun náà!"

Ó dà bẹ́ẹ̀, kò rí bẹ́ẹ̀. Ohun tí wọ́n torí rẹ̀ fún un lóyè náà ni ipa tó kó nínú mímú kí àwọn ènìyàn gbọ́ ara wọn yé, pàápàá láàárín Áfíríkà àti àwọn ọmọ Áfíríkà tó wà lẹ́yìn odi. Kì í ṣe torí pé ó ya Biafra. Bí ẹ bá wo àwọn iṣẹ́ tó mú un lórúkọ, iwin lẹ ó rí, ẹja olórí ènìyàn, igbó tí ojú kún inú rẹ̀, ìlà tín-ín-rín lórí ìlà tín-ín-rín. Àbíkú náà wà níbẹ̀, nítorí ó ní ìbejì ìgbà méje ni ìyá òun bí, òun nìkan ló sì kù. Ibẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ ti wá. Mo ti ka àwọn tó ní orílẹ̀-èdè ni àbíkú yẹn, pé Nàìjíríà tó fẹ́ kú tó tún yè ni. Ó dùn gbọ́. Ṣùgbọ́n ìyá tó bí ìgbà méje kò ṣe àpẹẹrẹ fún ẹnikẹ́ni. Ọmọ ló ń sin. Bí a bá ń rí ogun nínú gbogbo àbíkú tí wọ́n yà lẹ́yìn 1970, a ó kàn máa fi ọ̀dà tiwa kun àwòrán onítọ̀hún ni.

Bó bá jẹ́ ogun fúnra rẹ̀ lẹ ń wá, ẹ lọ sí Nsukka. Uche Okeke dé ibẹ̀ lẹ́yìn ogun, ó sì mú uli, ìlà tí àwọn obìnrin Ìgbò ń fà sára àti sí ògiri, wọ inú kíláàsì. Obiora Udechukwu, tí ogun bá níbi tó ti ń kọ́ṣẹ́, fi irú ìlà bẹ́ẹ̀ ya àwọn tó ń sá kiri àti ebi tó ń pa wọ́n. Ìlà díẹ̀, funfun púpọ̀. Ilé-ẹ̀kọ́ ni gbogbo wọn ti jáde o, kò sí outsider kankan níbẹ̀.

Àwòrán tí gbogbo ayé wá gbà pé ó sọ bí orílẹ̀-èdè ṣe ń tutù lẹ́yìn ogun, kò sí ìbọn nínú rẹ̀, kò sí ẹni tó ń sá. Ọmọbìnrin kan ló wà níbẹ̀, ó yí ojú sí ẹ̀gbẹ́ díẹ̀, ọrùn rẹ̀ gùn gbọọrọ. Kò sì jìnnà síbi tí mo jókòó sí yìí, nítorí Ilé-Ifẹ̀ ni wọ́n ti yà á.

Ben Enwonwu ló yà á, ọmọ Onitsha, tí wọ́n bí lọ́dún 1917. Agbẹ́gilére ni bàbá rẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ kàwé ọnà ní Goldsmiths, ní Oxford, àti ní Slade ní London. Òun ló ṣe ère Ọbabìnrin Elizabeth nígbà tí ọ̀pọ̀ nínú wa ò tíì dáyé. Bó bá jẹ́ ti Cardinal, kò sí ẹni tó jìnnà sí "níta" tó òun. Ṣùgbọ́n ẹ wo ọdún tó dé Ifẹ̀: 1971. Ogun ṣẹ̀ṣẹ̀ parí lọ́dún tó kọjá. Àwọn Ìgbò kan ṣẹ̀ṣẹ̀ ń padà sí ilé tí wọ́n fi sílẹ̀ ní Èkó àti ní Ìbàdàn ni. Yunifásítì Ifẹ̀ wá fi ọmọ Onitsha ṣe ọ̀jọ̀gbọ́n iṣẹ́ ọnà wọn, ó sì wà níbẹ̀ títí di 1975. Ulli Beier náà ti padà, ó ń darí ilé ìwádìí nípa Áfíríkà ní yunifásítì kan náà. Ẹ ò rí i: àjèjì méjì lórí ilẹ̀ kan, ọ̀kan láti Jámánì, ọ̀kan láti òdìkejì odò Ọya. Èwo nínú wọn ló jẹ́ àjèjì jù lójú ará Ifẹ̀ lọ́dún 1971, ẹ bá mi dá a lóhùn.

Lọ́dún 1973, Enwonwu rí ọmọbìnrin kan tó ń rìn lọ lágbègbè Ifẹ̀. Ọmọọba ni, ọmọ ọmọ Ọọ̀ni tó ti wàjà, Adétutù Adémilúyì. Ó bẹ àwọn ẹbí rẹ̀ kí wọ́n tó gbà kó ya ọmọ wọn. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló ya á. Wọ́n tẹ ẹ̀dà rẹ̀ síta, ó sì di ohun tí wọ́n ń kọ́ sí pálọ̀ káàkiri Nàìjíríà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ kàlẹ́ńdà ṣọ́ọ̀ṣì àti fọ́tò ìgbéyàwó. Lẹ́yìn náà ni àwọn ojúlówó gan-an pòórá. Èyí tó wà lọ́wọ́ Enwonwu fúnra rẹ̀, olè gbé e lọ lọ́dún 1994, ọdún tí Enwonwu kú. Ọ̀kan nínú àwọn yòókù wá yọjú nínú fúláàtì kan ní London, wọ́n sì gbà á lórí gbàǹjo lọ́dún 2018 ní mílíọ̀nù 1.2 pọ́n-ùn. Ìwé ìròyìn sọ ọ́ di ariwo.

Kí ló wá sọ ọ́ di àwòrán ìlàjà? Àbúrò mi fẹ́ kí n fi ọwọ́ kàn án níbi tí ìlàjà wà lára kánfáàsì. Kò sí níbẹ̀. Àárín ọwọ́ tó yà á àti ojú tó yà ló wà. Ìgbò ló di búrọ́ọ̀ṣì mú, ojú ọmọ Odùduwà ló wà níwájú rẹ̀, ọdún mẹ́ta lẹ́yìn tí àwọn méjèèjì wà lódìkejì ìbọn. Ẹni tó bá fẹ́ ya ènìyàn dáadáa gbọ́dọ̀ wò ó pẹ́, ẹni tí wọ́n ń yà sì gbọ́dọ̀ jókòó jẹ́ẹ́ kí wọ́n wò ó. Ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ò tíì lè wo ara wọn bẹ́ẹ̀ lọ́dún 1973. Àwọn tó ra ẹ̀dà rẹ̀ kọ́ ògiri, ní Ẹnúgu ni o, ní Ìbàdàn ni o, mọ ohun tí wọ́n ń wò láìsí ẹni tó kọ ọ́ sí abẹ́ rẹ̀.

Ohun kan sì ń dùn mí tí mo bá ka ohun tí àwọn òyìnbó kọ. "Tutu" ni wọ́n ń pe àwòrán náà, tán. Wọ́n gé adé kúrò lórí ọmọọba! Adétutù ni: adé tutù, adé rójú, ìjòyè rí àlàáfíà. Kì í ṣe tútù ti ẹja mọ́ nìyí. Tútù ti omi inú àmù ni, ti ilẹ̀ tí wọ́n bu omi sí lẹ́yìn ìjà, ti omi Ọ̀ṣun tí wọ́n fi ń wo ọmọ tí ara rẹ̀ ń gbóná. Òṣogbo mọ irú tútù yẹn. Ní nǹkan bí 1840 ni Ìbàdàn dá ogun Ìlọrin dúró níbí, ìlú yìí sì kún fún àwọn tí ogun lé kúrò nílé bàbá wọn. Àwọn ọmọ wọn là ń pè ní ọmọ Òròkí lónìí. Bí ọmọ Yorùbá bá gbọ́ orúkọ àwòrán yẹn ní kíkún, kò nílò ọ̀jọ̀gbọ́n kó tó mọ̀ pé nǹkan tó gbóná ló ń rọlẹ̀.

Mo sọ fún àbúrò mi pé kó padà lọ bá olùkọ́ rẹ̀, kó bi í pé níta ibo? Bó bá jẹ́ níta ilé-ẹ̀kọ́ ni, kí ó wá sí Òṣogbo kó kọ nípa àwọn ọmọ Mbari Mbayo, àmọ́ kó má fi tipátipá gbé ogun sí wọn lórí. Bó bá jẹ́ níta ìlú ni, Enwonwu ní Ifẹ̀ ni kó kọ, kó má sì pè é ní outsider artist láìṣàlàyé, kí ẹni tó mọ̀ ọ́n má bàa fi í rẹ́rìn-ín.

Ó ní òun á béèrè lọ́jọ́ Ajé. Ìrọ̀lẹ́ Ìṣẹ́gun ni èsì tó wọlé, kò tó ìṣẹ́jú kan: "Ẹ̀gbọ́n, wọ́n ní èyíkéyìí tó bá ti wù wá. Wọ́n ní ojú ìwé márùn-ún ni kó jẹ́."